Aago Èkó, Aago Àjàṣẹ́

Kí aago tó dé ilẹ̀ Yorùbá ni àwọn baba wa ti mọ àkókò. Àkùkọ ni ó ń jí wọn. Ìdájí wà, àfẹ̀mọ́júmọ́ wà, ìyálẹ̀ta wà, ọ̀sán gangan wà, ìrọ̀lẹ́ sì wà. Bí a bá bi àgbàlagbà léèrè ìgbà tí a bí i, kì í dárúkọ ọdún. Yóò ní ogun báyìí ni ó ń jà nígbà náà, tàbí pé ọba lágbájá ṣẹ̀ṣẹ̀ gorí ìtẹ́ ni. Ìdáhùn bẹ́ẹ̀ kò ṣe pàtó, ṣùgbọ́n ìwà ọmọlúwàbí kan wà nínú rẹ̀ tí a kì í sábà kíyè sí: ó ń fi ibi tí ìmọ̀ ẹni mọ hàn. Ẹni tí ó sọ pé ìgbà ogun ni a bí òun kò tan ẹnikẹ́ni jẹ pé òun mọ wákàtí.

Nígbà tí aago dé, èdè wa gbà á ní àlejò láìjanpata. A yá wákàtí láti inú èdè Lárúbáwá. A mú ìṣẹ́jú láti inú ṣíṣẹ́ tí ojú ń ṣẹ́. Nígbà tí a sì fẹ́ orúkọ fún ohun tí ó kéré ju ìṣẹ́jú lọ, ojú àáyá inú igbó ni a lọ wò, bóyá nítorí pé tirẹ̀ yára ju ti ènìyàn lọ. Ìṣẹ́jú àáyá yìí ni mo fẹ́ fi bẹ̀rẹ̀, nítorí pé òun nìkan ṣoṣo ni kọ̀ǹpútà mọ̀.

Ó máa ń ya àwọn tí kò sún mọ́ iṣẹ́ náà lẹ́nu pé ẹ̀rọ tí a ń wo aago lójú rẹ̀ lójoojúmọ́ kò mọ òwúrọ̀, kò mọ alẹ́, kò mọ ọjọ́ Ajé yàtọ̀ sí ọjọ́ Ìṣẹ́gun. Kíkà ni ó ń kà. Àwọn tí ó dá ètò Unix sílẹ̀ ní ilé-iṣẹ́ ìwádìí Bell Laboratories ní Amẹ́ríkà ni a jogún òǹkà náà lọ́wọ́ wọn: ọ̀gànjọ́ òru tí ọjọ́ kìn-ín-ní oṣù Ṣẹ́rẹ́ ọdún 1970 fi bẹ̀rẹ̀, ní aago Greenwich, ni òdo, láti ibẹ̀ ni ẹ̀rọ sì ti ń ka ìṣẹ́jú àáyá, 86,400 ní ojúmọ́ kọ̀ọ̀kan. Kò sí ohun mímọ́ kankan nínú ọjọ́ náà. Ó kàn rọrùn láti lò ni. Fún àwa ní Nàìjíríà, oṣù tí ogun abẹ́lé parí ni oṣù náà. Ọ̀sẹ̀ méjì lẹ́yìn òdo kọ̀ǹpútà ni Bìáfírà túúbá. Ohun gbogbo tí ó ṣẹlẹ̀ ṣáájú òdo ni ẹ̀rọ ń kà sẹ́yìn, bí ìgbà tí a bá ń ka gbèsè. Ọjọ́ tí Nàìjíríà gba òmìnira ní 1960 wà ní ohun tí ó lé ní mílíọ̀nù 291 ìṣẹ́jú àáyá lẹ́yìn òdo.

Kò sí ẹni tí yóò fi irú òǹkà bẹ́ẹ̀ dá àdéhùn pẹ̀lú ọ̀rẹ́ rẹ̀. Nítorí náà, ẹ̀rọ ní ògbufọ̀. Ògbufọ̀ yìí ni àkójọ àwọn ìlànà kéékèèké tí gbogbo ẹni tí ó ń kọ ètò kọ̀ǹpútà máa ń yá lò, pẹ̀lú àwọn fáìlì tí ìlànà náà máa ń kà. Bí ètò kan bá fẹ́ mọ ohun tí aago ń sọ ní ìlú kan, yóò gbé òǹkà rẹ̀ wá, yóò dárúkọ ìlú, ògbufọ̀ yóò sì ṣí fáìlì wò: ní ìgbà tí òǹkà yìí bọ́ sí, báwo ni ìlú yìí ti ṣáájú Greenwich tó, tàbí báwo ni ó ti wà lẹ́yìn rẹ̀ tó? Arthur David Olson ni ó bẹ̀rẹ̀ àkójọ fáìlì wọ̀nyí ní àárín àwọn ọdún 1980, nígbà tí ó ń ṣiṣẹ́ ní àjọ tí ó ń rí sí ìwádìí ìlera fún ìjọba Amẹ́ríkà. Paul Eggert, ti yunifásítì ìjọba California tí ó wà ní Los Angeles, sì ti ṣe olóòtú rẹ̀ fún ọ̀pọ̀ ọdún. Fóònù alágbèéká tí ó wà nínú àpò yín kò lè ṣe kí ó má gbára lé iṣẹ́ wọn, bẹ́ẹ̀ náà sì ni ọ̀pọ̀ ẹ̀rọ tí ó ń ṣírò owó wa ní ilé ìfowópamọ́.

Mo fẹ́ kí a jọ ka ìlà Èkó nínú fáìlì náà, nítorí pé ìtàn ni, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé nọ́ḿbà ni a fi kọ ọ́. Ó bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú àkókò tí oòrùn fúnra rẹ̀ fún Èkó: ìṣẹ́jú mẹ́tàlá àti ìṣẹ́jú àáyá márùndínlógójì ṣáájú Greenwich, nítorí pé oòrùn máa ń dé àtàrí Èkó kí ó tó dé àtàrí Greenwich. Ní ọjọ́ kìn-ín-ní oṣù Agẹmọ ọdún 1905, a pa èyí tì, a fi aago Greenwich rọ́pò rẹ̀. Ní 1908, lẹ́yìn ọdún mẹ́ta gééré, Èkó padà sí ti oòrùn rẹ̀. Ní ọjọ́ kìn-ín-ní oṣù Ṣẹ́rẹ́ ọdún 1914, ọjọ́ náà gan-an tí Lugard so Gúúsù àti Àríwá Nàìjíríà pọ̀, aago fi ààbọ̀ wákàtí ṣáájú Greenwich. Ní oṣù Ọwẹ́wẹ̀ ọdún 1919 ni ó di wákàtí kan gbáko, orí rẹ̀ ni a sì wà títí di òní. Ọdún mẹ́rìnlá, ìyípadà mẹ́rin. Oòrùn kò yẹsẹ̀ kúrò lójú ọ̀nà rẹ̀. Àwọn tí ó jókòó ní ọ́fíìsì ìjọba ni ó ń ṣí aago nípò. Ọmọ tí a bí ní Ìsàlẹ̀ Èkó ní 1900 ti gbé lábẹ́ oríṣi aago mẹ́rin kí ó tó pé ọmọ ogún ọdún, láì kó kúrò ní agbo ilé baba rẹ̀.

Porto-Novo, tí àwa Yorùbá ń pè ní Àjàṣẹ́, ní ìtàn tirẹ̀ pẹ̀lú. Ìṣẹ́jú mẹ́wàá àti ìṣẹ́jú àáyá méjìdínlọ́gbọ̀n ni oòrùn fún un. Ní 1912, lábẹ́ ìjọba Faransé tí ó ń ṣàkóso Dàhọ̀mì, ó bọ́ sórí aago Greenwich; ní oṣù Èrèlé ọdún 1934 ni ó tó fi wákàtí kan ṣáájú Greenwich, tí ó sì bá Èkó dọ́gba. Ìwé mìíràn tilẹ̀ sọ pé 1946 ni, kì í ṣe 1934. Bí a bá gba ti 1934, a jẹ́ pé fún ọdún mẹ́rìnlá lẹ́yìn 1919, wákàtí kan gbáko ni ó wà láàárín aago ìjọba ní Ìmẹ̀kọ àti aago ìjọba ní Kétu, ìlú méjì tí ó jẹ́ ẹbí kan náà, tí wọ́n sì ń fi ẹsẹ̀ rìn lọ kí ara wọn. Ẹni tí ó bá dé ibodè ní aago mẹ́jọ òwúrọ̀, bí ó bá ti fi ẹsẹ̀ kan tẹ ilẹ̀ Faransé, aago méje ti tún lù. Mo mọ̀ pé aláròóbọ̀ tí ó ru ẹrù àgbàdo kọjá níbẹ̀ kò bìkítà. Ọjà ni ó ń lọ, ọjà sì ní ọjọ́ tirẹ̀. Ṣùgbọ́n olùkọ́, akọ̀wé kóòtù àti ẹni tí ó ń fi wáyà ránṣẹ́ kò lè ṣe aláìbìkítà. (Ní òní pàápàá, nígbà tí aago méjìlá ọ̀sán bá lù ní Ilé-Ifẹ̀, mọ́kànlá ni ó ń lù fún àwọn Ifẹ̀ tí ó wà ní Atakpamé, ní ilẹ̀ Tógò.)

Níbi yìí ni ọ̀rọ̀ ti kúrò ní ti ẹ̀rọ, tí ó di ti ìwà. Àwọn olùtọ́jú fáìlì náà ní òfin kan: àwọn ìlú tí aago wọn ti bá ara wọn mu láti 1970 wá, ìlà kan ṣoṣo ni kí wọ́n jọ máa lò, orúkọ ìlú tí èrò pọ̀ sí jù láàárín wọn ni a ó sì fi pe ìlà náà. Ní 2014, Àjàṣẹ́ pàdánù ìlà rẹ̀ lábẹ́ òfin yìí. Niamey ti orílẹ̀-èdè Niger àti Luanda ti Àǹgólà bá a lọ. Orúkọ wọn ṣì wà. Bí ẹ bá pè é, ẹ̀rọ yóò jẹ́ yín, ṣùgbọ́n ìlà Èkó ni yóò kà fún yín. Ìtàn tiwọn gan-an lọ sínú fáìlì ọ̀tọ̀ kan tí ó wà lẹ́yìn, èyí tí kì í wọ inú ẹ̀rọ àfi bí ẹni tí ó ń kó ètò jọ bá dìídì béèrè fún un.

Yorùbá bọ̀, wọ́n ní bí ọmọdé bá ní aṣọ bí àgbà, kò lè ní àkísà bí àgbà. N kò ní sọ èwo ni àgbà láàárín Èkó àti Àjàṣẹ́, kí n má baà dá ìjà sílẹ̀. Ṣùgbọ́n aṣọ kan náà ni àwọn méjèèjì ń wọ̀ láti 1970, àkísà wọn ni kò bára mu. Àkísà yìí ni a gbà lọ́wọ́ ọ̀kan. Bí a bá bi kọ̀ǹpútà léèrè lónìí pé kí ni aago ń sọ ní Àjàṣẹ́ ní ọjọ́ kan ní 1925, nígbà tí ó jẹ́ aago méjìlá ọ̀sán ní Greenwich, yóò ní aago kan ni. Aago méjìlá ni.

Ariwo tí ó tẹ̀lé èyí kò tó nǹkan lẹ́gbẹ̀ẹ́ ariwo tí ó ta ní 2021, nígbà tí Eggert dábàá pé kí òfin kan náà mú àwọn ìlú Yúróòpù: kí Oslo ti Nọ́wè àti Stockholm ti Swídìn máa lo ìlà Berlin. Àwọn kan sọ pé ìtàn orílẹ̀-èdè kì í ṣe ohun tí a ń fi ṣeré. Àwọn mìíràn ní àwọn yóò ya fáìlì tiwọn sọ́tọ̀. Bí a bá rántí pé àwọn ọmọ ogun Jámánì ni ó gba Nọ́wè láti 1940 sí 1945, a ó mọ ìdí tí kì í fi ṣe ohun tí ó rọrùn fún ọmọ Oslo láti rí orúkọ Berlin ní ibi tí ti ìlú rẹ̀ wà. Èsì Eggert ni pé ìdọ́gba ni òun ń wá: kí ló dé tí a ó fi gé ti Niger àti ti Àǹgólà kúrò, tí a ó sì dá ti Nọ́wè àti ti Swídìn sí? Ní 2022, òfin náà mú gbogbo wọn. Oslo àti Stockholm ń ka ìlà Berlin. Reykjavik, olú-ìlú Iceland, sì ń ka ìlà Abidjan. Kò lè ṣe kí ó má pa ènìyàn lẹ́rìn-ín pé ìlú oníyìnyín ń béèrè àkókò lọ́wọ́ ìlú Áfíríkà, ṣùgbọ́n ẹ̀rín náà kì í pẹ́ lẹ́nu.

Nítorí pé ìbéèrè náà wà níbẹ̀ síbẹ̀: ǹjẹ́ gbígbàgbé gbogbo ènìyàn lọ́gbọọgba ni a ń pè ní ìdájọ́ òdodo? Ẹ jẹ́ kí a wo baálé ilé kan tí kì í ki àwọn ọmọ ìyàwó kékeré ní oríkì wọn. Wọ́n fi ojúsàájú kàn án. Ó ronú sí i, ó sì dá oríkì àwọn ọmọ ìyálé náà dúró. Láti ọjọ́ náà, kò sí ẹni tí ó lè pè é ní olójúsàájú mọ́. Ṣùgbọ́n ọmọ tí kò gbọ́ oríkì rẹ̀ lánàá, kò gbọ́ ọ lónìí náà. Kò jèrè ohunkóhun ju pé kí ó rí i pé ẹnìkejì òun pàdánù.

Síbẹ̀, a kò gbọdọ̀ tètè dá olóòtú náà lẹ́bi, nítorí pé ẹjọ́ rẹ̀ lẹ́sẹ̀ nílẹ̀. Púpọ̀ nínú àwọn ọjọ́ àtijọ́ tí ó wà nínú fáìlì ni a mú láti inú àwọn ìwé tí Thomas Shanks kó jọ. Awòràwọ̀ ni àwọn ìwé náà wúlò fún jù, nítorí pé awòràwọ̀ nílò wákàtí tí a bí ènìyàn kí ó tó lè sọ kádàrá rẹ̀. Ìwé náà kì í sábà sọ ibi tí ó ti rí ohun tí ó kọ. (Ní 2011, ilé-iṣẹ́ Astrolabe, tí ó ń ta ètò kọ̀ǹpútà fún awòràwọ̀, pe Olson àti Eggert lẹ́jọ́ lórí ìwé yìí, fáìlì náà kúrò ní ibi tí gbogbo ayé ti ń gbà á fún ọjọ́ díẹ̀, kí àjọ ICANN tó gbà á sí abẹ́ ara rẹ̀. Ilé-iṣẹ́ náà fa ọwọ́ ẹjọ́ rẹ̀ sẹ́yìn ní 2012. Ó jọ mí lójú pé ẹnìkan lè rò pé òun ni ó ni ọjọ́ tí ìlú kan yí aago rẹ̀ padà.) Ẹni tí ó bá ní irú ìwé bẹ́ẹ̀ lọ́wọ́, tí ó sì sọ pé ohun tí kò dá òun lójú, òun kò ní fi kọ́ ọmọ ènìyàn, ṣé a lè bá a wí? Mo gbà pé a kò lè bá a wí.

Àbùkù tí mo rí ni pé ẹ̀rọ náà kò dákẹ́. Bí ó bá jẹ́ pé lẹ́yìn tí a gba ìlà Àjàṣẹ́, ẹni tí ó béèrè aago 1925 níbẹ̀ ń gbọ́ pé "n kò mọ̀", n kì bá má kọ ìwé yìí. Ohun tí ó ń gbọ́ ni ẹ̀rí Èkó láti ẹnu Àjàṣẹ́, pẹ̀lú ìṣẹ́jú, pẹ̀lú ìṣẹ́jú àáyá, láìsí gbólóhùn kan tí ó fi iyèméjì hàn. Àgbàlagbà tí ó ní ìgbà ogun ni a bí òun mọ̀ díẹ̀, ó sì sọ ìwọ̀n tí ó mọ̀. Kọ̀ǹpútà kò mọ̀ rárá, ó sì dáhùn ní pàtó. Àìmọ̀ kì í ṣe ẹ̀ṣẹ̀. Fífi ohùn ẹlòmíràn bo àìmọ̀ ni ó yẹ kí a máa bẹ̀rù.

Ẹnìkan lè bi mí pé ta ni èyí pa lára. Kò pọ̀. Ṣùgbọ́n ẹ gbé òpìtàn kan sọ́kàn, tí ó ní wáyà méjì lọ́wọ́, tí a fi ránṣẹ́ ní ọjọ́ kan náà ní 1930: ọ̀kan kúrò ní Èkó ní aago mẹ́sàn-án kọjá ogójì ìṣẹ́jú, èkejì kúrò ní Àjàṣẹ́ ní aago mẹ́sàn-án gééré. Bí ó bá ní kí kọ̀ǹpútà tò wọ́n fún òun, ti Àjàṣẹ́ ni yóò ṣáájú. Bẹ́ẹ̀ sì ni, bí a bá gba ti 1934, ogún ìṣẹ́jú lẹ́yìn ti Èkó ni a fi ti Àjàṣẹ́ ránṣẹ́. Ẹni tí ó fèsì yóò wá di ẹni tí ó dá ọ̀rọ̀ sílẹ̀. Nínú ìtàn àwọn ìjọba méjì tí ó ń jà sí ibodè, ìyẹn kì í ṣe ohun kékeré.

Kì í sì í ṣe ohun àtijọ́ nìkan ni irú ìgbàgbé yìí ń mú. Ní Lẹ́bánónì, a máa ń sún aago síwájú ní wákàtí kan ní ìparí oṣù Ẹrẹ́nà. Ní 2023, nígbà tí ó ku ọjọ́ díẹ̀, olórí ìjọba, Najib Mikati, kéde pé ó di ẹ̀yìn ààwẹ̀ Ràmàdáánì. Ìjọ àwọn Kristẹni Maronite kọ̀, wọ́n sún tiwọn. Fún ọjọ́ mélòó kan, aago méjì ni ó ń ṣiṣẹ́ ní orílẹ̀-èdè kékeré kan, ẹni tí ó bá sì béèrè aago lọ́wọ́ ẹnìkejì rẹ̀ ń béèrè ẹ̀sìn rẹ̀ láìmọ̀. Àwọn olùtọ́jú fáìlì gbé ẹ̀dà kan jáde tí ó tẹ̀lé ìjọba. Nígbà tí ìjọba yí ohùn padà, wọ́n gbé òmíràn jáde kí ọ̀sẹ̀ tó yí po, nínú èyí tí ó dà bí ẹni pé ìkéde náà kò wáyé rí. Àwọn fúnra wọn sọ pé nínú àwọn ọ̀nà tí kò dára, èyí ni ó sàn jù. Mo gbà fún wọn. Ṣùgbọ́n ọmọ tí ilé ìwòsàn kọ wákàtí ìbí rẹ̀ sílẹ̀ ní Beirut ní ọjọ́ wọ̀nyẹn lè jẹ́ ọmọ aago méjì, fáìlì sì ti pinnu fún un pé ọ̀kan ṣoṣo ni ó wà.

Apá kan nínú ẹrù yìí jẹ́ tiwa. Títí di 2020, ìlà Èkó pàápàá kúrú: láti orí àkókò oòrùn, ó fò dé 1919, kò sí 1905, kò sí 1908, kò sí 1914. Ẹnìkan ni ó jókòó ti àkọsílẹ̀ àtijọ́, tí ó fi ohun tí ó rí ránṣẹ́ sí àwọn olùtọ́jú, wọ́n sì gbà á láìjiyàn. Ilé tí a ń tọ́jú ìwé ìjọba àtijọ́ sí wà ní Ìbàdàn. Ó wà ní Àjàṣẹ́ fúnra rẹ̀. Bí 1934 bá ni tàbí 1946, kò yẹ kí ó jìnnà sí ẹni tí ó gbọ́ Faransé, tí ó sì ní sùúrù láti tú àwọn ìwé ìkéde ìjọba Dàhọ̀mì wò ní ojú ìwé kọ̀ọ̀kan. Lóòótọ́, fáìlì ẹ̀yìn ni ohun tí ó bá rí yóò wọ̀. Ó sàn kí òtítọ́ wà lẹ́yìn ju kí ó má sí níbì kankan lọ.

Ní ti fáìlì iwájú, àwọn olùtọ́jú rẹ̀ kò ṣàì ní àmì fún àìsí ìdáhùn. Òdo méjì ni, pẹ̀lú ìlà kékeré kan níwájú wọn: -00. Ní ilẹ̀ oníyìnyín Antarctica ni a ti ń lò ó jù, fún àwọn ibùdó ìwádìí, láti fi sọ pé ní ìgbà báyìí, kò sí aago kankan tí a lè pè ní ti ibẹ̀. Nọ́wè ní ibùdó kan níbẹ̀ tí ń jẹ́ Troll. Ṣáájú oṣù Èrèlé ọdún 2005, kò tíì sí ẹni tí ó ń gbé Troll yípo ọdún; àmì yìí ni fáìlì fi sí gbogbo ìgbà tí ó ṣáájú, kò sì yá aago ìlú kankan lò fún un. Ní 1925, Àjàṣẹ́ ní ààfin, ó ní ọjà, a sì ń bí ọmọ níbẹ̀ lójoojúmọ́.